Ògiri Irin Tí Bàbá Lombe Mọ

Aago kan ọ̀sán Ọjọ́bọ̀ ti kọjá, Bàbá Lombe wà lórí òkè, ẹ̀rù sì ń bà á. Kì í ṣe òkè tí èèyàn ń fẹsẹ̀ gùn o. Inú kọ̀ǹpútà ni òkè ọ̀hún wà, nínú ṣọ́ọ̀bù Nkandu tó kọjú sí ọjà Kantanshi, ní ìlú Mufulira, ìlú awakùsà tí kò jìnnà sí ẹnubodè Kóńgò. Ẹ jẹ́ kí n tètè sọ ọ́ kí ẹnikẹ́ni tó lanu rẹ́rìn-ín: ẹ̀rù tó ń ba bàbá yìí kì í ṣe ẹ̀rù eré. Ọkùnrin tó fi ọdún mọ́kàndínlọ́gbọ̀n fọ́ òkúta lábẹ́ ilẹ̀, níbi tí oòrùn ò dé rí, òun ló jókòó tó di máòsì mú bí ẹni tó di okùn mú lẹ́nu kànga.

"Bàbá Lombe, ẹ wo ọ̀tún yín!" Nkandu kígbe lẹ́yìn rẹ̀. Obìnrin ọdún márùndínlógójì ni, òun ló ni ṣọ́ọ̀bù, òun ló ni kọ̀ǹpútà mẹ́rẹ̀ẹ̀rin tó wà níbẹ̀. "Òkúta lẹ̀ ń wò, ẹ ò wo ohun tó fẹ́ pa yín jẹ!"

Ó wo ọ̀tún. Ẹranko ẹlẹ́sẹ̀ méjì kan tó ga ju òpó iná lọ ń ti inú igbó bọ̀, ó ya ẹnu sílẹ̀. Bàbá Lombe fò sórí ẹyẹ ńlá tó ń gùn, ẹyẹ náà fi èékánná gbé ẹranko onírù-kùmọ̀ tó ń bá a fọ́ òkúta, wọ́n gbéra. Ó kù díẹ̀ kí eyín ẹranko yẹn bà wọ́n. Bàbá Lombe mí kanlẹ̀, ó wo aago ara ògiri. Ó ku ogójì ìṣẹ́jú kí wọ́n mú iná lọ.

"Irin mélòó la kó lónìí?"

"Ọ̀ọ́dúnrún ó lé díẹ̀."

"Kò tó."

"Mo mọ̀ pé kò tó, Bàbá. Ẹ ṣáà máa fò."

Bí ayé eré yẹn ṣe rí nìyí. Íńtánẹ́ẹ̀tì ló so àwọn tó ń ṣe é ní ìlú púpọ̀ pọ̀, kì í sì í dúró bí kọ̀ǹpútà ẹnì kan bá kú. Àwọn ẹranko ìgbà láéláé tí wọ́n ń pè ní dáínásọ̀ ló kún inú rẹ̀. Ìhòòhò lèèyàn ń bá ara rẹ̀ létí omi, á fọwọ́ já koríko, á ṣá igi, á fọ́ òkúta, títí tó fi máa rí ilé mọ. Bí ó bá pa kọ̀ǹpútà, tó lọ sílé rẹ̀, ara tó fi ń ṣeré kì í pòórá. Á dùbúlẹ̀ síbi tó wà, á máa sùn títí ẹni tó ni ín á fi padà wá jí i. Ẹni tó bá sì ká a mọ́ ojú oorun lè pa á. Lombe, ọmọ kan ṣoṣo tí Bàbá Lombe bí, wà nínú ilé òkúta kan létí odò nínú ayé yẹn, ó ń sùn. Ó ti lé lóṣù mẹ́rin tí kò jí.

Lombe gangan, Lombe ẹlẹ́ran ara, ti gba ẹnubodè Mokambo kọjá sí Kóńgò láti ọdún tó kọjá. Ó ní òun ń lọ wa òkúta tí wọ́n fi ń ṣe bátìrì fóònù, lápá Kolwezi. Bàbá rẹ̀ bẹ̀ ẹ́ títí.

"Kòtò tí ò lópòó, tí ò ní ẹ̀rọ atẹ́gùn, tí ẹnì kan ò ka iye ẹni tó wọlé àti iye ẹni tó jáde, ṣé kòtò iṣẹ́ nìyẹn? Sàréè ni!"

"Bàbá, ẹ̀yin náà wa kùsà, ẹ ò kú." Ọmọ ọdún mẹ́rìnlélógún, ó ń rẹ́rìn-ín, ó ń di àpò.

Ó lọ. Lákọ̀ọ́kọ́, gbogbo Ọjọ́ Àìkú ló ń pè, ó sì ń wá kọ̀ǹpútà lọ́hùn-ún láti jí sínú eré. Ó di ọ̀sẹ̀ méjì méjì. Ó di pé fóònù rẹ̀ ò lọ mọ́. Lẹ́yìn náà ni àwọn awakọ̀ tó ń ti ẹnubodè bọ̀ sọ pé ilẹ̀ ya bo àwọn kan mọ́lẹ̀ lọ́hùn-ún, wọn ò mọ iye, wọn ò mọ orúkọ. Ẹni tí ejò bá ti bù jẹ rí, bó bá rí ekòló, á sá. Ilẹ̀ ti ya bo Bàbá Lombe fúnra rẹ̀ rí, wákàtí mẹ́sàn-án ló lò nínú òkùnkùn kí wọ́n tó fà á yọ. Ó mọ bí erùpẹ̀ ṣe ń dùn lẹ́nu. Láti ọjọ́ tí ìròyìn yẹn ti dé ni ilé rẹ̀ ti di ti adìyẹ tó bà lókùn: ara ò rọ okùn, ara ò rọ adìyẹ. Ìyá Lombe kì í sọ̀rọ̀, bàbá kì í sùn.

Nkandu ló wá pè é. Ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ ni Lombe ti máa ń ṣeré kó tó lọ, àwọn méjèèjì ni wọ́n jọ ní ilé etí odò yẹn. Obìnrin náà ro ó títí bóyá kóun sọ ọ́ tàbí kóun má sọ ọ́. Níkẹyìn ó ní, "Bàbá Lombe, ẹ wá wo nǹkan. Ẹ má bínú sí mi o." Ó jókòó ti kọ̀ǹpútà, ó ṣílẹ̀kùn ilé òkúta, ó wọlé. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan sùn sórí bẹ́ẹ̀dì onígi, orúkọ Lombe wà lókè orí rẹ̀.

Bàbá Lombe tẹ̀ síwájú títí imú rẹ̀ fi fẹ́rẹ̀ẹ́ kan gíláàsì.

"Ó ń mí," ó ní.

"Gbogbo ẹni tó bá sùn níbẹ̀ ló ń mí, Bàbá. Bí wọ́n ṣe ṣe é nìyẹn."

"Mo ní ó ń mí!"

Nkandu ò bá a jiyàn mọ́. Lọ́jọ́ kejì, aago mẹ́wàá ò tíì lù tí bàbá ẹni ọdún mọ́kànlélọ́gọ́ta ti dúró lẹ́nu ọ̀nà ṣọ́ọ̀bù, ó ní kí wọ́n wá kọ́ òun.

Ó mọ̀ pé eré ni. Kò ya wèrè. Ó mọ̀ pé bí Lombe bá rí kọ̀ǹpútà níbikíbi láyé, orí bẹ́ẹ̀dì yẹn ló máa jí sí, òun ó sì rí i. Ṣùgbọ́n ohun kan wà tí kò lè sọ fún ẹnikẹ́ni: ó ń bẹ̀rù pé bí èyí tó ń sùn yìí bá kú, òun á gbà lọ́kàn òun pé èyí tó wà ní Kóńgò náà ti kú. Nítorí náà kò gbọ́dọ̀ kú.

Ẹ wá wo bí awakùsà ṣe ń ṣeré. Bí àwọn ọ̀dọ́ ti ń ṣe é ni Nkandu kọ́ ọ: kí ó fọ́ òkúta irin lórí òkè, kí ẹyẹ gbé e wálé, kí wọ́n wá yọ́ ọ nínú ìléru ẹ̀yìnkùlé. Bàbá Lombe ṣe é lẹ́ẹ̀mẹta, ó dá ọwọ́ dúró.

"Nkandu, ta ló kọ́ yín nírú ìranù yìí?"

"Ìranù wo, Bàbá?"

"Òkúta méjì lẹ̀ ń yọ́ kẹ́ ẹ tó rí irin kan. Ìdajì ohun tí ẹyẹ yìí ń rù, ìdọ̀tí ni! Ta ní ń gbé òkè wálé? Ibi tí kùsà wà la ń kọ́ ìléru sí."

Nkandu wò ó, ó bú sẹ́rìn-ín. "Mudala yìí ti sọ gbogbo wa di ọmọdé." Mudala ni wọ́n ń pe àgbàlagbà lọ́dọ̀ wa bí a bá fẹ́ fi ṣẹ̀fẹ̀. Láti ọjọ́ náà ni ìléru mẹ́ta ti wà lórí òkè, tí ẹyẹ ń gbé irin yíyọ́ nìkan sọ̀kalẹ̀.

Ó tún pín iṣẹ́ fún àwọn ẹranko bí ọ̀gá kùsà ti ń pín in fún òṣìṣẹ́. Onírù-kùmọ̀ fún irin, torí ìrù rẹ̀ ń fọ́ òkúta irin ju ọwọ́ èèyàn mẹ́wàá lọ, irin kì í sì í wúwo lẹ́yìn rẹ̀. Èyí tó rí roboto bí ìkòkò fún òkúta lásán. Erin onírun fún igi. Kì í fi ọ̀kan ṣe iṣẹ́ èkejì. Kò sì gbà kí ẹyẹ fò lófìfo láé: bó bá gbé irin sọ̀kalẹ̀, igi tí wọ́n máa fi dáná ìléru ló ń gbé gòkè. Wákàtí mẹ́rin péré ni iná ń wà ní Kantanshi lójúmọ́, aago mẹ́wàá sí aago méjì, bátìrì tí Nkandu fi ń gbé kọ̀ǹpútà ró sì ti kú láti ìgbà òjò. Ẹni tó ní wákàtí mẹ́rin kì í fi ìkankan ṣòfò.

Àṣìṣe tó fa wàhálà, abẹ́ ilẹ̀ lòun náà ti wá. Ní ìlà ilé àwa awakùsà, bí ọkùnrin kan bá pẹ́ nísàlẹ̀ ju àsìkò rẹ̀ lọ, wọ́n á tan àtùpà sójú fèrèsé rẹ̀. Ìyàwó kì í pa á, ọmọ kì í pa á, alámùúlégbè kì í pa á, àfi kí ẹni náà gòkè. Mo ti rí àtùpà tó jó fún ọjọ́ mẹ́sàn-án gbáko. Ẹ má bi mí bó ṣe parí.

Bàbá Lombe bá ri ògùṣọ̀ kan mọ́ orí òrùlé ilé ọmọ rẹ̀. Kò sọ fún Nkandu. Ilé tí Lombe fọgbọ́n mọ sábẹ́ igi, tí ojú ẹnikẹ́ni ò tó láti ọdún kan ààbọ̀, ó wá ń tàn yanran bí ilé ìfowópamọ́. Kò pé ọ̀sẹ̀ kan tí Nkandu fi bá ìwé kan tí wọ́n kàn mọ́ ilẹ̀kùn: "A ti rí iná yín. Ọjọ́ Àbámẹ́ta, a ń bọ̀ wá yáná." Wọ́n fọwọ́ sí i ní Chimbwi.

Ìkookò ni wọ́n ń pè ní chimbwi lọ́dọ̀ wa. Àwọn ọ̀dọ́ mẹ́rin kan ní ìlú Kitwe ni wọ́n fi í jẹ́ orúkọ. Iṣẹ́ tiwọn nínú ayé eré yẹn ni pé kí wọ́n máa wó ilé onílé, kí wọ́n kó ẹrù, kí wọ́n pa ẹni tó bá sùn síbẹ̀. Ibi tí ọ̀rọ̀ náà ti burú jù ni pé iná tiwọn àti iná tiwa kì í pàdé. Bí wọ́n bá ti mú iná lọ ní Kantanshi láago méjì ni wọ́n ń mú un wá ní àdúgbò àwọn Chimbwi, ó di aago mẹ́fà. Wọ́n lè fi wákàtí mẹ́rin gbáko wó ilé lé ẹni tó sùn lórí, kò sí ohun tí bàbá tó jókòó síwájú kọ̀ǹpútà dúdú lè ṣe.

"Ta ló fi iná sórí òrùlé?" Nkandu bi í.

"Èmi ni."

"Háà! Bàbá Lombe! Ẹ kúkú lu aago fún wọn! Ẹ kúkú ránṣẹ́ pè wọ́n pé kí wọ́n wá jẹun! Ẹ pa iná yẹn, ẹ pa á kíá!"

"Mi ò ní pa á."

"Kí ló dé?"

"Bí mo bá pa á, kí ni mo sọ?" Ohùn rẹ̀ ti lọ sílẹ̀. "Nkandu, kí ni mo sọ nípa ọmọ mi?"

Ọmọ Kantanshi ni Nkandu náà, bàbá tirẹ̀ wa kùsà. Ó gbé ojú kúrò, ó nu kíbọ́ọ̀dù tí kò dọ̀tí. Ó ní, "Wọ́n kúkú ti rí i ná. Ẹ jẹ́ ká máa wá irin."

Ìdí tí wọ́n fi ń wá irin nìyẹn. Ògiri òkúta, wákàtí kan ni Chimbwi máa fi wó o. Ògiri irin, wọ́n lè lu ú títí iná tiwọn náà á fi lọ. Ogójì pálí irin, ìyẹn irin pẹlẹbẹ, ló máa yí ilé náà ká, kó sì bò ó lórí. Ọjọ́bọ̀, Ọjọ́ Ẹtì, Ọjọ́ Àbámẹ́ta: wákàtí méjìlá.

Nígbà tí iná lọ ní Ọjọ́bọ̀ yẹn, pálí mọ́kànlá ni wọ́n rí mọ. Bàbá Lombe jókòó, kò dìde. Ó ní, "Àwọn ọmọ yẹn, ṣé wọ́n ń ka ìwé?"

"Ìwé bí i ti kí ni?"

"Ojú ìwé orí fóònù yẹn, tí gbogbo ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń ṣeré náà ti ń bá ara yín sọ̀rọ̀. Bá mi kọ ọ́ síbẹ̀. Ní bàbá Lombe ní kí wọ́n ṣàánú òun. Ní kí wọ́n kó gbogbo ẹrù, kí wọ́n gbé ẹyẹ, kí wọ́n gbé erin. Ẹni tó sùn nìkan ni kí wọ́n fi sílẹ̀."

Kò rọrùn fún un o. Ọkùnrin yìí ò bẹ ọ̀gá kùsà rí láyé rẹ̀. Nkandu kọ ọ́ bó ṣe sọ ọ́, ó fi orúkọ Lombe sí i, ó sì ní ó ti lé lóṣù mẹ́rin tí ẹnikẹ́ni ti gbúròó rẹ̀. Àwọn kan fi àwòrán ojú tó ń sunkún dáhùn. Àwọn kan ní pẹ̀lẹ́. Kò ju wákàtí kan lọ tí ìdáhùn Chimbwi dé: "Mudala, ẹ lọ sinmi nílé. Ẹni tí ò fẹ́ kí wọ́n pa òun kì í sùn. A ń bọ̀."

"Kí ni wọ́n sọ?" Bàbá Lombe béèrè.

"Wọn ò tíì dáhùn," Nkandu ní. Irọ́ ni, ó sì hàn lójú rẹ̀.

Ní Ọjọ́ Ẹtì, Ìyá Lombe fúnra rẹ̀ gbé oúnjẹ wá, nshima tó jọ tùwó àti ẹja wẹ́wẹ́ kapenta nínú abọ́ tó fi aṣọ dì. Kò wọ ṣọ́ọ̀bù yẹn rí. Láti ọjọ́ tí ọkọ rẹ̀ ti ń lọ síbẹ̀ ló ti ń sọ pé òun ò ní wo òkú ọmọ òun nínú ẹ̀rọ. Ó gbé abọ́ kalẹ̀, ó kọ ẹ̀yìn sí kọ̀ǹpútà.

"Ẹ jẹun, Bàbá Lombe. Ẹ ti di egungun."

"Ọwọ́ mi ò ṣófo, Ìyá Lombe. Fi síbẹ̀."

"Irin ni kẹ́ ẹ máa jẹ nígbà náà."

Nkandu fẹ́ rẹ́rìn-ín, kò yá a. Bàbá Lombe ń to pálí irin mọ́ ara ògiri, ọ̀kan, èkejì, ó sì ní láti gba inú ilé kọjá. Ìyá Lombe ti fẹ́ máa lọ. Kí ló mú un yíjú padà, mi ò lè sọ. Ó yíjú padà ṣá, ó rí ọmọkùnrin tó sùn, àyà rẹ̀ ń lọ sókè, ó ń bọ̀ nísàlẹ̀. Ó dúró. Ó dà bí ẹni pé wọ́n kan ẹsẹ̀ rẹ̀ mọ́lẹ̀.

"Ó ti rù," ló sọ.

Ó fa àga, ó jókòó ti ọkọ rẹ̀, ó ń fi ọwọ́ gé nshima sí i lẹ́nu bí ó ti ń ṣiṣẹ́. Kò kúrò níbẹ̀ títí iná fi lọ. Pálí mẹ́tàdínlọ́gbọ̀n.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, àfi bí ogun. Onírù-kùmọ̀ ń fọ́ òkúta láìsinmi, ìléru mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ń rú èéfín, Nkandu jókòó sórí kọ̀ǹpútà kejì, ó ń to pálí bí Bàbá Lombe ti ń gbé irin dé. Aago mọ́kànlá, ọgbọ̀n. Aago kan, mẹ́rìndínlógójì. Ó ku mẹ́rin, ní apá ibi tí ilẹ̀kùn wà. Ó kọjá aago kan ní ogójì ìṣẹ́jú.

"Bàbá, ó tó," Nkandu ní. "Ẹ jẹ́ ká fi òkúta dí èyí tó kù. Ẹ wọlé, ẹ sùn ti ọmọ yín."

"Irin pálí mẹ́rin náà ti wà nínú ìléru. Mo máa lọ mú un wá."

"Ẹ ò ní dé!"

"Màá dé."

"Nkandu, jẹ́ kí wọ́n lọ," Ìyá Lombe, tó ti jókòó síbẹ̀ láti àárọ̀, ní. "Ọmọ ẹni kì í burú títí ká fi fún ẹkùn pa jẹ. Ẹ lọ, Bàbá Lombe. Ẹ yára."

Ó fò lọ. Ó kó irin. Ó fò bọ̀. Ó ti ń rí odò, ó ti ń rí òrùlé ilé, ó ti ń na ọwọ́ sí bọ́tìnì tí yóò fi balẹ̀. Ó ku ìṣẹ́jú mẹ́jọ kí aago méjì lù. Iná lọ.

Wọn kì í mú un lọ ṣáájú àkókò. Gbogbo ọdún yẹn, bí wọ́n bá fẹ́ ṣèkà, ńṣe ni wọ́n ń mú un wá pẹ́. Kọ̀ǹpútà mẹ́rẹ̀ẹ̀rin di dúdú lẹ́ẹ̀kan náà, fáànù dúró, wọ́n sì ń gbọ́ ariwo ọjà láti òdìkejì títì. Bàbá Lombe ṣì na ọwọ́ sí bọ́tìnì. Ojú ara rẹ̀ nìkan ló rí nínú gíláàsì.

"Mo ti fi òkúta dí i," Nkandu sọ jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́. "Mo ti dí i kó tó lọ, Bàbá."

Òkúta, nígbà tí gbogbo wa mọ ohun tí òkúta jẹ́ lọ́wọ́ àwọn Chimbwi.

Mi ò ní sọ púpọ̀ nípa ọ̀sán ọjọ́ náà. Bàbá Lombe jókòó sí ẹnu ọ̀nà ilé rẹ̀, ó ń wo aago ọwọ́. Láago méjì, ó ní, "Wọ́n ti ní iná báyìí." Láago mẹ́ta, ó bọ́ aago náà kúrò lọ́wọ́, ó tún dè é padà. Ìyàwó rẹ̀ bu omi fún un, òun náà ò lè mu tirẹ̀. Ẹ̀rù bà wọ́n débi pé wọn ò lè wo ojú ara wọn. Nígbà tí aago mẹ́fà lù, tí gbogbo rẹ̀ ti parí, bó ṣe wù kó parí, bàbá náà ní, "Wọ́n ti lọ," ó sì wọlé, ó dojú bolẹ̀ lórí bẹ́ẹ̀dì pẹ̀lú bàtà lẹ́sẹ̀.

Lọ́jọ́ Àìkú, Ìyá Lombe wọ aṣọ ṣọ́ọ̀ṣì, ó wé gèlè funfun, ṣùgbọ́n ṣọ́ọ̀bù Nkandu ló gbà lọ. Iná dé láago mẹ́wàá. Nígbà tí eré ṣí, Bàbá Lombe bá ara rẹ̀ ní ìhòòhò létí omi.

"Nǹkan ti pa ẹ̀yin náà jẹ lójú oorun, Bàbá," Nkandu ní. "Ẹ máa bọ̀. Ẹ máa rìn."

Ó rìn. Ìyá Lombe di apá àga rẹ̀ mú. Ilé náà yọ. Pálí irin mẹ́rìndínlógójì dúró gbọn-in gbọn-in, ìbọn ò ràn wọ́n, iná ò ràn wọ́n. Apá ibi tí wọ́n fi òkúta dí ló wó, ihò ńlá ló kù níbẹ̀. Ó gba inú ihò náà wọlé. Wọ́n ti kó àpótí. Wọ́n ti kó oúnjẹ. Kò sí ẹnì kankan lórí bẹ́ẹ̀dì.

Ìyá Lombe fi ọwọ́ bo ẹnu. Bàbá Lombe kàn dúró síbẹ̀ nínú ilé òfìfo, ó ń yí ojú kiri ògiri bí ẹni tó rò pé òun ṣi yàrá wọ̀.

"Ẹ jẹ́ n wo àkọsílẹ̀," Nkandu ní. Ilé kọ̀ọ̀kan nínú eré náà ló ní ìwé tó ń kọ ara rẹ̀: ohun tó wó, ẹni tó wó o, ẹni tó kú, ẹni tó pa á. Nkandu ṣí i. Ojú rẹ̀ ti pọ́n. "Bàbá, ṣé kí n kà á?"

"Kà á."

"Aago mẹ́ta ku ìṣẹ́jú mẹ́wàá, Chimbwi wó ògiri òkúta. Aago mẹ́ta kọjá ìṣẹ́jú mẹ́rin, Chimbwi wó ògiri òkúta. Aago mẹ́ta kọjá ìṣẹ́jú mọ́kànlá..." Ó dákẹ́.

"Kà á," Bàbá Lombe ní. "Mo ti mọ̀ ọ́n tẹ́lẹ̀. Kà á ká gbọ́."

"Rárá, Bàbá. Ẹ dúró." Nkandu fi ìka sí ojú gíláàsì, ó ń kà á lọ́kọ̀ọ̀kan bí ọmọ iléèwé. "Aago mẹ́ta kọjá ìṣẹ́jú mọ́kànlá, Lombe pa Chimbwi kan. Aago mẹ́ta kọjá ìṣẹ́jú mẹ́rìnlá, Lombe pa ẹyẹ Chimbwi kan. Aago mẹ́ta kọjá ìṣẹ́jú mẹ́tàdínlógún, Chimbwi pa Lombe."

Ìyá Lombe figbe ta nígbà tó gbọ́ ti ìkẹyìn. Ó ti di orí mú, gèlè ti bọ́. Ṣùgbọ́n ọkọ rẹ̀ ti dìde, àga ṣubú sẹ́yìn.

"Nkandu. Ẹni tó bá sùn, ṣé ó lè pa èèyàn?"

"Kò lè gbápá, Bàbá. Kò lè gbé ìka."

"Ẹnì kan gbọ́dọ̀ jókòó síwájú kọ̀ǹpútà?"

"Ẹnì kan gbọ́dọ̀ jókòó."

"Kí lẹ̀ ń sọ?" Ìyá Lombe ń sunkún, inú ń bí i. "Wọ́n pa á, ẹ̀ ń bi ara yín ní ìbéèrè! Kí lẹ̀ ń sọ?"

"Ó jí, Ìyá Lombe!" Bàbá náà di èjìká rẹ̀ mú, ó ń mì í. "Ó jí! Ó dìde, ó bá wọn jà! Lánàá, Ìyá Lombe! Lánàá ni, láago mẹ́ta ọ̀sán!"

Obìnrin náà wo ojú rẹ̀, ó wo Nkandu, ó tún wo bẹ́ẹ̀dì òfìfo nínú gíláàsì. Ó jọ pé ó fẹ́ gbà á gbọ́, ẹ̀rù sì ń bà á láti gbà á.

"Ṣé kì í ṣe ẹlòmíì? Ṣé ẹlòmíì ò lè lo orúkọ rẹ̀?"

Nkandu ò fẹ́ purọ́ mọ́. "Bó bá fún ẹnì kan ní ọ̀rọ̀ tó fi ń wọlé, ó lè ṣe é, Mà."

"Bó bá jẹ́ òun ni, kí ló dé tí kò pè wá?"

Ìyẹn, ẹnikẹ́ni ò mọ̀ ọ́n. Bóyá fóònù ló sọnù. Bóyá ó ka ohun tí bàbá rẹ̀ ní kí wọ́n kọ, níbikíbi tó wà, ojú tì í. Bóyá àwọn tó wà lọ́dọ̀ wọn ò jẹ́ kó pè. Bàbá Lombe ti gbé àga rẹ̀ nàró, ó ti jókòó padà, ẹni ìhòòhò tó wà nínú kọ̀ǹpútà ti jáde kúrò nínú ilé, ó bẹ̀rẹ̀, ó ń já koríko. Omijé ń bọ́ sórí kíbọ́ọ̀dù, kò nù ún.

Ìyá Lombe jókòó tì í. Ó ń fi ìka ka nǹkan lórí itan rẹ̀, láti mọ́kànlá dé mẹ́tàdínlógún.

"Ìṣẹ́jú mẹ́fà," ó ní. Ó nu ojú rẹ̀ pẹ̀lú gèlè. "Nkandu, jọ̀ọ́, tún un kà fún mi. Bẹ̀rẹ̀ láti ibi tó ti dìde."

Nkandu tún un kà.